Omi Inú Àwo Ológbò

Ó tún yọ ikọ́ kan kúrò láàárín ọ̀rọ̀. Ó gé e níwájú, ó gé e lẹ́yìn, ó fa etí méjèèjì pọ̀ títí ẹnikẹ́ni kò fi lè mọ̀ pé ikọ́ wà níbẹ̀ rí. Lẹ́yìn náà ó dá ohùn padà sẹ́yìn, ó ti ẹ̀rọ ìgbọ́hùn mọ́ etí dáadáa, ó sì tún un gbọ́. Ohùn obìnrin kan tó ti rẹ̀ ni, tó ń sọ wẹ́rẹ́ pé, “Káfíńtà ti dé o.” Ikọ́ ti lọ. Ó wá dà bíi pé ara ẹni tó ń sọ̀rọ̀ le koko.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló ni ohùn náà. Erùpẹ̀ ibojì rẹ̀ kò tíì le.

Iṣẹ́ obìnrin tó jókòó sídìí kọ̀ǹpútà yìí ni kí ó máa gé fíìmù, kí ó sì máa so ó pọ̀. Àǹtí Gé-e ni gbogbo àwọn tó ń gbé iṣẹ́ wá fún un ń pè é, nítorí kò sí ohun tí wọ́n gbé dé iwájú rẹ̀ tí kì í wò lẹ́ẹ̀kan, kí ó sì sọ pé, “Gé e.” Ẹkún tó bá ti gùn jù, gé e. Ọkọ̀ tó bá ń lọ tí kò dé ibì kankan, gé e. Ohun tí kò bá sì wọ inú fíìmù kì í sùn sínú yàrá rẹ̀. Bí iṣẹ́ bá ti tán, píparẹ́ ni. Ẹ̀kọ́ àfìwéránṣẹ́ ló fi kọ́ iṣẹ́ náà nígbà tó wà lọ́dọ̀ọ́, ìwé ni wọ́n ń fi ránṣẹ́ sí i, òun náà á ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá, á fi ránṣẹ́ padà, láìrí ojú olùkọ́ kankan. Ẹni tó bá fi irú ọwọ́ bẹ́ẹ̀ kọ́ iṣẹ́ kì í fi ojú rere wo ìfiṣòfò.

Fíìmù tó wà níwájú rẹ̀ yìí kúrú, kò sì jọ fíìmù tí àwọn ènìyàn mọ̀. Ẹnikẹ́ni kò jà níbẹ̀, ẹnikẹ́ni kò fẹ́ ìyàwó, ojú ènìyàn kan kò tilẹ̀ hàn. Yàrá ni a ó máa rí, àti àtẹ̀gùn, àti ẹsẹ̀ àga, àti ibi tí ọ̀dà ti ń bó lára ògiri. Ohùn tẹ̀gbọ́n-tàbúrò ló ń ti inú àwọn yàrá náà jáde. Ẹnà tí àwọn méjèèjì nìkan gbọ́ ni wọ́n ń sọ, ìtumọ̀ rẹ̀ á sì máa hàn ní ọ̀rọ̀ funfun nísàlẹ̀ àwòrán. Olùdarí fíìmù náà, ọkùnrin kan tí irùngbọ̀n rẹ̀ kò tíì kún, ló sọ pé òun fẹ́ mọ ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ sí èdè bó bá ku ẹnì kan ṣoṣo tó ń sọ ọ́. Lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ sọ ọ́, àwọn méjèèjì ṣì wà láàyè, wọ́n sì fi í ṣe yẹ̀yẹ́ títí ó fi fẹ́ bínú. Ẹ̀gbọ́n ní kí ó fara balẹ̀, pé ọ̀kan nínú àwọn kò ní pẹ́ ràn án lọ́wọ́.

Ọ̀kan sì ti ràn án lọ́wọ́. Àǹtí Gé-e ni àbúrò tó ṣẹ́kù.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tó ń yọ ikọ́ yìí ni wọ́n fẹ́ gbé fíìmù lọ síbi tí wọ́n ti máa fi han àwọn ènìyàn lọ́jọ́ kejì. Gbogbo ọ̀rọ̀ tí ẹ̀gbọ́n sọ ló ti ní ìtumọ̀ tirẹ̀ nísàlẹ̀, àfi gbólóhùn kan. Ìkẹyìn tó sọ ni.

Ẹnà wọn kì í ṣe irú èyí tí àwọn ọmọdé máa ń ki ìró kan bọ àárín ọ̀rọ̀, tí ọmọ mìíràn tí ojú rẹ̀ bá là á sì tú palẹ̀ kíá. Ọ̀rọ̀ tí gbogbo ayé ń sọ ni wọ́n ń sọ, àmọ́ ohun kan tó ti ṣẹlẹ̀ nínú ilé wọn ló wà lẹ́yìn ọ̀kọ̀ọ̀kan. Káfíńtà wá gbé ilẹ̀kùn sí yàrá bàbá wọn lọ́jọ́ kan, ó sì gbé e sódì, tó fi jẹ́ pé ẹni tó bá wà níta ló lè ti ẹni tó wà nínú ilé mọ́lé. Ọjọ́ náà ni bàbá pariwo títí ohùn rẹ̀ fi há. Láti ọjọ́ náà, bí ọ̀kan nínú wọn bá sọ pé, “Káfíńtà ti dé o,” èkejì á mọ̀ pé inú bàbá kò dùn, kí olúkúlùkù gba yàrá rẹ̀ lọ. Àbúrò ìyá wọn ọkùnrin kan wà tó sanra bí àgbá. Níbi ìsìnkú kan, bó ṣe fẹ́ tẹrí ba fún olórí àdúrà, bọ́tìnnì ikùn rẹ̀ já, ó fò, ó bọ́ sínú ife omi tó wà lọ́wọ́ olórí àdúrà náà, ẹni náà sì gbé e mu láìmọ̀. “Bọ́tìnnì ti já” wá di ẹ̀rín fẹ́ pa mí, má wò mí lójú. Orí bẹ́ẹ̀dì kan ni wọ́n jọ ń sùn, ọ̀kan á kọrí síbí, èkejì á kọrí sọ́hùn-ún. Bí ẹ̀rù bá ń ba ọ̀kan lóru, á na ẹsẹ̀ títí tí á fi kan ẹsẹ̀ èkejì. Nítorí náà, “Fún mi ní ìka ẹsẹ̀” ni wọ́n ń sọ títí wọ́n fi dàgbà, lórí fóònù, nílé ìgbẹ̀bí, lójú àwọn ọkọ wọn tí kò mọ ohun tí wọ́n ń wí.

Kò sẹ́ni tó lè jí irú ẹnà bẹ́ẹ̀ kọ́. Àmọ́ bí àwọn tó ni ín bá ti gbàgbé ohun tó ṣẹlẹ̀, ó parí nìyẹn. Ẹnu lè máa sọ ọ̀rọ̀ náà lọ, kò ní sí nǹkan kan nínú rẹ̀.

Ó tẹ kọ̀ǹpútà, ó tún gbọ́ gbólóhùn ìkẹyìn náà. Lórí bẹ́ẹ̀dì ilé ìwòsàn ni wọ́n ti gbà á sílẹ̀, olùdarí ti fi ẹ̀rọ kékeré kan sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìrọ̀rí, ó sì jáde fún wọn. Ẹ̀gbọ́n mí, ó mí, ó wá ní, “Kékeré, má gbàgbé láti bu omi sí àwo ológbò.”

Ó ń retí ìdáhùn. Ó tún un sọ, ó fara balẹ̀ sọ ọ́, bí ẹni tó ń fi nǹkan lé ènìyàn lọ́wọ́: “Má gbàgbé láti bu omi sí àwo ológbò.”

Lẹ́yìn náà ni ohùn Àǹtí Gé-e fúnra rẹ̀ wọlé, ó dún ketekete: “Mo ti gbọ́, ẹ̀gbọ́n mi.”

Èémí ẹ̀gbọ́n sì jáde gbọọrọ, bí èémí ẹni tó sọ ẹrù kalẹ̀. Ilẹ̀ ọjọ́ kejì kò tíì mọ́ tán tó fi lọ.

Wọn kò ní ológbò rí. Bàbá wọn kì í gba ohun tó ń jẹun tí kì í ṣiṣẹ́ láyè nínú ilé. Ohun kan ló ṣẹlẹ̀ tó bí ọ̀rọ̀ náà, Àǹtí Gé-e mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ó mọ̀ pé àwọn ti sọ ọ́ rí, pé kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré, pé ohun kan ni ẹnì kan gbọ́dọ̀ ṣe fún ẹnì kan bí wọ́n bá ti sọ ọ́. Àmọ́ kí ni? Fún ta ni? Bó ṣe jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì lọ́jọ́ náà, ó rò pé bí òun bá ti dé ojú ọ̀nà, òun á rántí. Ojú sì tì í láti béèrè. Òun ló ti ń fọ́nnu láti ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù pé ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo kò sọnù lọ́wọ́ òun. Ló bá sọ pé òun ti gbọ́. Ẹ̀jẹ́ ló jẹ́ fún ẹni tó ń kú, kò sì mọ ẹ̀jẹ́ tó jẹ́.

Olùdarí ti ilẹ̀kùn wọlé, akoto alùpùpù ṣì wà lórí rẹ̀. Ó kí i kú iṣẹ́, ó jókòó sórí àpótí, ó béèrè bóyá ìtumọ̀ gbólóhùn ìkẹyìn náà ti wọlé. Àǹtí Gé-e ní kò tíì wọlé. Ọkùnrin náà wo àwòrán tó dúró sójú kọ̀ǹpútà, abẹ́ àtẹ̀gùn kan tó ṣókùnkùn, ìsàlẹ̀ rẹ̀ ṣófo. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọgbọ́n sọ ọ́, pé ìṣòro kọ́, pé àwọn tó máa wò ó kò ní mọ ìyàtọ̀, pé ohun tó bá sáà ti dùn létí tó.

“Ẹ kọ ‘Mo nífẹ̀ẹ́ rẹ’ síbẹ̀,” ó ní. “Ta ló máa yẹ̀ yín lọ́wọ́ wò?”

“Ẹ̀gbọ́n mi ò sọ irú ẹ̀ rí láyé ẹ̀. Bó bá fẹ́ràn èèyàn, á ní ọrùn aṣọ ẹ̀ dọ̀tí.”

“Ẹ kúkú kọ ìyẹn. ‘Ọrùn aṣọ ẹ dọ̀tí.’ Wọ́n á sunkún gan-an ni.”

Àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà kò sì pẹ́. Ọkùnrin náà bọ́ akoto, ó fi í sórí orúnkún, ohùn rẹ̀ sì yí padà.

“Àǹtí Gé-e, ẹ̀yin nìkan lẹ kù. Ohunkóhun tẹ́ ẹ bá kọ, òun ni òótọ́.”

Ó fẹ́ fi ìyẹn tù ú nínú ni. Ẹ̀rù ló fi ba obìnrin náà.

Olùdarí tún sọ ohun mìíràn, bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rántí. Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n gba ohùn sílẹ̀ ńkọ́? Ṣebí abẹ́ àtẹ̀gùn ilé ẹ̀gbọ́n ni wọ́n jókòó sí láti àárọ̀, tí ẹ̀gbọ́n ń mú ọ̀rọ̀ ẹnà náà lọ́kọ̀ọ̀kan, tó ń sọ ìtàn tó wà nídìí rẹ̀. Ṣé ọ̀rọ̀ ológbò kò sí níbẹ̀?

Ọwọ́ Àǹtí Gé-e dúró lórí kọ̀ǹpútà. Ó wà níbẹ̀. Ó rántí pé ó wà níbẹ̀. Ó ní, “Ẹ̀dà tìrẹ dà?”

“Tèmi bíi ti báwo? Ẹ̀yin lẹ ní kí n kó gbogbo ẹ̀ wá, kí n pa tọwọ́ mi rẹ́, kó má di pé ẹ̀dà méjì ń bára wọn jà. Ẹ ní ẹ ò lè máa tọ́jú pàǹtí.”

Òótọ́ ló sọ. Obìnrin náà ní kí ó lọ jẹun, kí ó padà wá ní ìrọ̀lẹ́. Nígbà tó jáde tán, ó tẹjú mọ́ ògiri.

Kì í ṣe pé kò gbọ́ ọ lọ́jọ́ náà. Ó gbọ́ ọ lábẹ́ àtẹ̀gùn, ó tún gbọ́ ọ níhìn-ín nígbà tó ń gé e. Ó lè ya bí ohùn náà ṣe rí lójú kọ̀ǹpútà bí wọ́n bá fún un ní ṣọ́ọ̀kì: ó ga, ó rẹlẹ̀, ó wá yọ gọngọ bí òkè níbi tí ọkọ̀ kan ti fun fèrè lójú pópó. Àga ẹ̀gbọ́n dún lórí símẹ́ńtì. Ẹ̀gbọ́n ní, “Àbí o ti gbàgbé ni?” Òun alára sì rẹ́rìn-ín. Nítorí fèrè yẹn ló ṣe gé e. Ó gé láti ibi fèrè dé ibi ẹ̀rín, ó fi ọ̀rọ̀ bọ́tìnnì dí àyè rẹ̀, ó sì dùn mọ́ ọn pé ojú ibi tó gé kò hàn. Etí tó fi ń ṣiṣẹ́ kì í ṣe etí tó fi ń gbọ́rọ̀. Fèrè ló ń gbọ́, àga ló ń gbọ́, èémí tó kọjá àyè rẹ̀ ló ń gbọ́. Ìtàn tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sọ láàárín fèrè àti ẹ̀rín, kò gbọ́ nǹkan kan nínú rẹ̀. Ní òpin ọ̀sẹ̀ náà ló pa ìyókù rẹ́, ó nu tábìlì, ó sì lọ sílé.

Ó gbé fóònù, ó pe àbúrò ìyá wọn, ẹni bọ́tìnnì. Òun nìkan ló kù lára àwọn tó mọ ilé náà. Bàbá náà ti gbó, etí rẹ̀ kò sì jí tó bẹ́ẹ̀ mọ́. Bàbá kí i, ó bi í léèrè ara àwọn ọmọ, ó bi í léèrè ara ọkọ tó ti fi í sílẹ̀ tipẹ́, kí Àǹtí Gé-e tó ráyè da ọ̀rọ̀ ológbò sílẹ̀.

“Ológbò wà,” bàbá ní, láìrò ó lẹ́ẹ̀mejì. “Dúdú ni. Orí ẹ̀rọ ìránṣọ ló máa ń sùn sí. Kò sẹ́ni tó lè lé e kúrò níbẹ̀.”

“Bàbá Kékeré, a ò ní ẹ̀rọ ìránṣọ nílé wa.”

“Ẹ ò ní? Ilé ta wá ni?” Ó ronú sí i, ó ń mí sínú fóònù. “Á jẹ́ ilé ìyàwó mi nìyẹn. Ìwọ náà lo máa ń béèrè ohun tó le. Ẹ̀gbọ́n ẹ ńkọ́? Ó ti pẹ́ tó ti pè mí.”

Ìdí pósí ni bàbá yìí dúró sí lọ́jọ́ ìsìnkú. Òun ló kọ́kọ́ da erùpẹ̀ sí i.

Àǹtí Gé-e gbé fóònù jìnnà sí ẹnu díẹ̀. Nígbà tó gbé e padà, ó ní ẹ̀gbọ́n òun wà, ó ń sinmi ni.

“Sọ fún un pé mi ò tíì dárí ọ̀rọ̀ bọ́tìnnì yẹn jì í o. Òun ló kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Mo rí i.”

“Mà á sọ fún un, sà.”

Oòrùn ti wà láàárín ọ̀run nígbà tí ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ dé. Iṣẹ́ irun ni ọmọbìnrin náà ń ṣe, ibi tó ti ń dirí fún oníbàárà ló ti dìde wá, òòyà ṣì wà nínú irun tirẹ̀. Ó gbé búrẹ́dì sórí tábìlì, ó kúnlẹ̀ díẹ̀, kò sì jókòó. Òun àti ìyá rẹ̀ kò bá ara wọn sọ̀rọ̀ láti ìgbà tí àìsàn náà ti bẹ̀rẹ̀, lórí ọ̀rọ̀ ọkùnrin kan tí òun alára ti kọ̀ sílẹ̀ báyìí. Nígbà tó fi máa dé ilé ìwòsàn, aṣọ ni wọ́n ti fi bo ojú ìyá rẹ̀.

Ó ní olùdarí sọ fún òun pé ọ̀rọ̀ ìkẹyìn ìyá òun wà nínú fíìmù náà. Òun fẹ́ gbọ́ ọ kí àwọn àjòjì tó gbọ́ ọ. Àǹtí Gé-e kò lè kọ̀ fún un. Ó bọ́ ẹ̀rọ ìgbọ́hùn létí ara rẹ̀, ó fi í sí i létí, ó sì tẹ̀ ẹ́. Ó ń wo ojú ọmọ náà. Ó mọ ìgbà tí ẹ̀gbọ́n mí, ó mọ ibi tó sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kejì, ó sì mọ ìgbà tí ohùn òun alára wọlé, nítorí ọmọ náà gbé ojú sókè, ó sì wò ó lójú.

“Kí ni wọ́n wí, Màmá Kékeré?”

Obìnrin náà ní ẹnà ni.

“Mo mọ̀ pé ẹnà ni. Ẹnà yẹn náà lẹ fi ń lé mi jáde ní kíṣìnnì nígbà tí mo wà ní kékeré. Kí ni wọ́n wí?”

Àǹtí Gé-e yí ojú sí kọ̀ǹpútà.

“Ṣé èmi ni wọ́n ń sọ? Bó bá jẹ́ pé wọ́n bú mi náà ni, mo fẹ́ gbọ́. Màmá Kékeré, ohùn yín rèé níbí. ‘Mo ti gbọ́.’ Kí lẹ gbọ́?”

Irọ́ kan ti dé ẹnu Àǹtí Gé-e. Ó rọrùn, ó kúrú, ó sì lè jẹ́ òótọ́ náà. Kí ni ìyá tó ń kú á tún fi lé àbúrò rẹ̀ lọ́wọ́ bí kò ṣe ọmọ? Ó la ẹnu. Ohun tó jáde níbẹ̀ ni pé á wà nísàlẹ̀ àwòrán, kí ó wá wò ó lọ́la.

Ọmọbìnrin náà yọ ẹ̀rọ kúrò létí, ó gbé e sórí tábìlì jẹ́jẹ́. “Ẹ fẹ́ kí n bá àwọn èrò jókòó kí n tó mọ̀. Ó dáa, mà.” Ó tún òòyà orí rẹ̀ ki bọ irun, ó sì lọ bá oníbàárà rẹ̀. Kò pariwo. Ìbá sàn kó pariwo.

Nígbà náà ni Àǹtí Gé-e fa àga súnmọ́ tábìlì, ó sì kọ ọ́. Ó kọ “Bá mi tọ́jú ọmọ mi” sísàlẹ̀ àwòrán náà. Ó dá a padà, ó wò ó. Abẹ́ àtẹ̀gùn ṣókùnkùn, ẹ̀gbọ́n mí, ó sọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ funfun náà sì yọ sábẹ́ rẹ̀ wẹ́rẹ́, ó bá ohùn náà dọ́gba, ó wọlé lásìkò, ó jáde lásìkò. Ó sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kejì, ó tún dọ́gba. “Mo ti gbọ́, ẹ̀gbọ́n mi.” Èémí jáde gbọọrọ. Gbogbo rẹ̀ gún régé. Láti ọjọ́ tó ti ń ṣe iṣẹ́ yìí, bóyá ni ibì kan ti bá ara rẹ̀ mu tó bẹ́ẹ̀ rí lọ́wọ́ rẹ̀.

Ó wò ó ní àwòtúnwò. Bó ṣe ń wò ó, ó ṣàkíyèsí ohun kan tó já a láyà. Ó ti fẹ́ gbà á gbọ́. Àwòrán kan ti ń yọ lọ́kàn rẹ̀, ti àwọn méjèèjì ní kékeré, tí wọ́n ń bu omi sínú àwo kan fún ọmọ ológbò aládùúgbò tí ìyá rẹ̀ ti kú. Àwo náà pupa. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ rí ọwọ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ létí àwo. Kò sì sí irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Òun ló ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe é báyìí, bó ṣe máa ń ti ẹyọ àwòrán kan mọ́ òmíràn tí wọ́n á fi dà bí ọmọ ìyá. Bó bá fi máa di ọdún tó ń bọ̀, á ti máa fi búra. Bí òótọ́ bá wá padà dé lọ́jọ́ kan, níbi tó ti ń fọ abọ́ tàbí níbi tó ti ń dúró de ọkọ̀, á bá nǹkan mìíràn lórí àga rẹ̀.

Ó pa á rẹ́. Ó fi ìsàlẹ̀ àwòrán náà sílẹ̀ ní òfo fún ìgbà àkọ́kọ́ tí ẹ̀gbọ́n sọ̀rọ̀, ó fi í sílẹ̀ ní òfo fún ìgbà kejì. Lẹ́yìn náà ó lọ sí ibi tí ohùn òun alára wà. Láti ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù, kò kọ ìtumọ̀ sábẹ́ èyí tí òun bá sọ tí kì í ṣe ẹnà, ìfiṣòfò ni. “Mo ti gbọ́, ẹ̀gbọ́n mi” ni ohùn náà ń wí. Ó kọ ìtumọ̀ rẹ̀ sábẹ́ rẹ̀:

Kò yé mi.

Ó wọn ọ̀rọ̀ náà pẹ̀lú ohùn, ó fi kún gígùn rẹ̀ díẹ̀ kí ó lè dúró títí èémí ẹ̀gbọ́n á fi jáde tán. Ó so ó pọ̀. Ó wo fíìmù náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin láìdúró, kò sì rí ibì kan tó yẹ kó gé mọ́.

Olùdarí dé nígbà tí oòrùn ti ń wọ̀. Ó dúró wo ìparí rẹ̀, akoto lábẹ́ apá. Nígbà tí àwòrán ti kú tán, ó yíjú sí Àǹtí Gé-e. Ó wá ní ọmọ yẹn á wà nínú èrò lọ́la.

“Mo mọ̀,” Àǹtí Gé-e ní.

“Ẹ lè yí i padà. Mà á dúró.”

“Gbé e lọ.”

Ó gbé e lọ. Obìnrin náà gbọ́ bí alùpùpù rẹ̀ ṣe ń dún títí tó fi yà níkòríta. Ó kó búrẹ́dì tí kò fọwọ́ kàn sínú báàgì, ó nu tábìlì, ó ká okùn ẹ̀rọ ìgbọ́hùn. Kọ̀ǹpútà bi í léèrè bó ṣe máa ń bi í bí iṣẹ́ bá ti tán: ṣé kí ó pa ìyókù rẹ́? Ìka rẹ̀ ti tẹ bẹ́ẹ̀ ni kí ọkàn rẹ̀ tó dé ibẹ̀. Ìgbà tí ojú kọ̀ǹpútà mọ́ tónítóní tán ló rántí ohun tó wà nínú ìyókù ọjọ́ náà. Ikọ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni, gbogbo èyí tó ti ń yọ láti àárọ̀.

Ó dúró síbẹ̀ pẹ̀lú ọwọ́ lórí tábìlì. Lẹ́yìn náà ó pa iná, ó ti ilẹ̀kùn, ó dán an wò bóyá ó tì. Bó ṣe ń sọ̀kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn, ó sọ gbólóhùn náà sókè lẹ́ẹ̀kan, gẹ́lẹ́ bí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ṣe sọ ọ́, ó sì dúró díẹ̀. Ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà gbójú sókè, ó béèrè bóyá òun ni wọ́n ń bá sọ̀rọ̀. Ó ní rárá o. Ọkùnrin náà bi í bóyá iṣẹ́ ti parí. Ó ní ó ti parí, ó ní ó dàárọ̀, ó sì bọ́ sójú pópó.